Ìdáhùn: “àpínlẹ̀” kọ́ ni gúndúmà

Ẹ̀yin àgbà, mo júbà o. Ẹ̀gbọ́n wa tí ó ń túmọ̀ ìtàn àwọn gúndúmà ilẹ̀ Kano, ìyẹn agbègbè (dísírííkì) tí ìjòyè ọba tí à ń pè ní hákímì ń ṣàkóso, sọ lánàá pé òun ti rí orúkọ Yorùbá fún gúndúmà: “àpínlẹ̀”. Wọ́n ní nígbà tí ìpínlẹ̀ ti jẹ́ ti gómìnà, kí á kàn yí ì- sí à-, kí ó di ti hákímì. Ẹ jọ̀ọ́, Ẹ̀gbọ́n, láti ìgbà wo ni à- ti ń sọ nǹkan ńlá di kékeré? Ṣé àpínjẹ kéré ju ìpín lọ ni?

Ká tilẹ̀ fi à- sílẹ̀ ná. “Pín” gan-an ló ń bí mi nínú. Ta ló pín ilẹ̀? Kí òyìnbó tó gba Kano ní oṣù kejì ọdún 1903, hákímì kì í sábà gbé oko. Inú ìlú, nítòsí ààfin, ni ilé rẹ̀ wà. Ó lè ní abúlé mélòó kan ní ìlà oòrùn, kí ó tún ní òmíràn ní gúúsù, kí abúlé hákímì ẹlòmíràn sì wà láàárín wọn. Jàkádà, ìránṣẹ́ rẹ̀, ló ń rán lọ gba owó orí. Ènìyàn àti owó orí tí wọ́n ń san ni ọba pín, kò pín ilẹ̀. Òyìnbó ló wá kó àwọn abúlé náà jọ sójú kan, tó lé jàkádà dànù, tó ní kí hákímì dìde nílùú kí ó lọ jókòó ti àwọn tí ó ń jẹ lórí. Ibẹ̀ ni gúndúmà tí ẹ ń túmọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀.

Bí ẹ bá ń wá ibi tí àpínlẹ̀ yóò bá mu, ẹ máa bọ̀ ní Maitama tàbí Wuse níbí. Dísírííkì ni àwa ará Àbújá ń pe àwọn náà, wọ́n sì kan èèkàn, wọ́n pín ilẹ̀ ibẹ̀ ní púlọ́ọ̀tì-púlọ́ọ̀tì lóòótọ́.

Bàbá mi ta ẹ̀yà kẹ̀kẹ́ fún ọgbọ̀n ọdún ní Sabon Gari, Kano, gúndúmà ni wọ́n ń pe agbègbè hákímì. Ọjọ́ tí Yorùbá bá gùn wọ́n, wọ́n á ní “lábẹ́ ajẹ́lẹ̀”, ìyẹn aṣojú tí aláṣẹ rán lọ ṣàkóso ìlú kan. Ibẹ̀ ni mo ti mú tèmi: ìjẹ́lẹ̀. Ẹni tó jọba ló ní ìjọba. Kí ajẹ́lẹ̀ náà ní ìjẹ́lẹ̀ tirẹ̀.

Mo mọ̀ pé àbúrò wa ọmọ Èkìtì á fò dìde. Ó ti kọ ọ́ rí pé ajẹ́lẹ̀ Ìbàdàn tí Fábùnmi pa ní Òkè-Ìmẹ̀sí ló fa ogun Kírìjì, pé ọ̀rọ̀ náà ń rùn nílé àwọn. Ṣé hákímì ń ta sánsán nílé tálákà ni? Ó tún ní a-jẹ-ilẹ̀ ni, ẹni tí ń jẹ ilẹ̀ bí ẹní ń jẹ iyán. Àbúrò, fetí sí ohùn! Bí ó bá jẹ́ jẹ ti oúnjẹ ni, ajẹlẹ̀ la ò bá máa pè é. Lójú tèmi, jẹ́ tí a fi ń jẹ́ iṣẹ́ ni, ẹni tí a rán. Ẹnu ìyá ìyá mi ni mo ti gbọ́ ọ, ní Jẹ́bà, wọn ò sì mọ ìwé kankan tí ó lè ṣì wọ́n lọ́nà.

Ẹni tí kò bá fẹ́ ìjẹ́lẹ̀, kí ó fi gúndúmà sílẹ̀ bó ṣe wà. Àwọn ará Ìlọrin gbọ́ unguwa, ìyẹn àdúgbò, lẹ́nu Haúsá, wọ́n fi oní lé e, ó di alángúà, olórí àdúgbò. Ó ti di oyè, kò sẹ́ni tó pe ìpàdé lé e lórí.

Ọ̀gá wa ní Minna tó ní ohùn ìsàlẹ̀ ló yẹ lórí gú- inú gúndúmà, mo rí àtẹ̀jíṣẹ́ yín. Mi ò gbà. Ẹ jẹ́ kí iná dé, mo ń bọ̀ wá bá yín.