Ẹni tó ń mọ amọ̀, ṣé gbígbẹ́ ló ń gbẹ́ ẹ?

Ẹ̀yin ará, mo rí àbá pé kí a máa pe iṣẹ́ ẹni tó ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń fi amọ̀ ṣe ère ẹ̀dá-ìtàn (ìyẹn ẹ̀dá inú ìtàn, bí Ìjàpá) ní "gbígbẹ́ ère amọ̀". N kò fara mọ́ ọn rárá. Ẹni tó bá ń gbẹ́ nǹkan, ńṣe ló ń yọ lára rẹ̀. Amọ̀, mímọ là ń mọ ọ́n, bí a ṣe ń mọ odi, tí a ń mọ ìkòkò.

Ẹ wo ọmọ iṣẹ́ tó fẹ́ mọ Ìjàpá. Á po amọ̀ dáadáa kí afẹ́fẹ́ má ṣẹ́ kù sínú rẹ̀. Á mọ ara lọ́tọ̀, á mọ orí lọ́tọ̀. Níbi tí orí yóò ti lẹ̀ mọ́ ọrùn, á fi ṣóńṣó ọ̀bẹ ha ojú méjèèjì, á fi amọ̀ ṣíṣàn pa á, kó tó tẹ̀ ẹ́ mọ́ra. Bí kò bá ha á, tí amọ̀ bá ń gbẹ tó ń súnkì, orí á já bọ́. Á tún fi ṣíbí kó inú ara rẹ̀ kó lè ṣófo, torí ère tó bá ki jù, tí omi ṣì wà nínú rẹ̀, iná á fọ́ ọ ni.

Lóòótọ́ ni pé fínfín wà níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ orí amọ̀ Ilé-Ifẹ̀, irú èyí tí Leo Frobenius, onímọ̀ ará Jámánì, kó lọ́dún 1910, ló ní ìlà fínfín lójú. Ṣùgbọ́n ọwọ́ ló kọ́kọ́ mọ ojú náà kí wọ́n tó fín in. Àbátàn, ọmọ Òkè-Odàn, mọ ère sórí ìdérí awo Erinlẹ̀, ìyẹn ìkòkò tí wọ́n fi ń bọ òrìṣà Erinlẹ̀. Amọ̀kòkò ni, kì í ṣe agbẹ́gilére.

Ẹlòmíràn ní ká sọ pé "ère mímọ". Ó dára, àmọ́ ọ̀pọ̀ wa kì í fi àmì ohùn sórí ọ̀rọ̀ tí a bá ń kọ̀wé, wọn á sì kà á sí ère mímọ́ inú ṣọ́ọ̀ṣì. Ìyẹn ni mo ṣe dábàá pé ká tọ ipa agbẹ́gilére: amamọ̀lére, ẹni tó ń mọ amọ̀ lére. Ó rọrùn lẹ́nu, amọ̀ sì hàn nínú rẹ̀ ketekete.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má torí pé "character" ni Gẹ̀ẹ́sì ń pe méjèèjì, kí ẹ wá pe ẹ̀dá-ìtàn ní "ìwà". Ìwà ni Ìjàpá ń hù.

Ó ku amọ̀ ṣíṣàn tí a fi ń lẹ ẹ̀yà ara pọ̀. Kí ẹnikẹ́ni tó ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ fún un, kí ẹni tó bá wà nítòsí Ìlọrin kọ́kọ́ bi àwọn ìyá amọ̀kòkò léèrè ohun tí wọ́n ń pè é.