Wọ́n pè mí sí sẹ́ṣọ̀n ní Nashville, nọ́ńbà ló kún inú ìwé orin. Ẹ gbà mí o!

Ọmọ Ọ̀ṣogbo, Nashville
Ẹ̀yin ará ilé, ẹ kú alẹ́. Ọkàn mi ò balẹ̀ rárá. Lọ́la, aago mẹ́wàá àárọ̀, ni sẹ́ṣọ̀n àkọ́kọ́ mi, ìyẹn ìgbà tí wọ́n ń gba orin sílẹ̀, ní Music Row, àdúgbò àwọn sítúdíò. Orin country mẹ́rin, èmi ni máa ta béèsì. Ìwé orin ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ni: 1 1 4 5, 6-, òmíràn sì wà tí wọ́n fa igun mẹ́rin yí ká. Kò sí A, kò sí G tí a fi ń pe kọ́ọ̀dù. Ẹni tó pè mí tún ní owó ọwọ́ lòun máa san, pé kò sí ìwé tí a ó fọwọ́ sí. Ṣé kí n kúkú sọ pé ara mi ò yá ni?

Bàbá Akọrin, Houston
Má fi àìsàn purọ́ o. Ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì ni ọ́, àbí? Bí olórí akọrin bá na ìka mẹ́rin sókè láàárín ìyìn, kí lo máa ń ṣe? Ṣebí kọ́ọ̀dù 4 lo máa ń lọ, èyí tó wà lórí ìró kẹrin bí a bá ka láti do. Òun náà nìyẹn. Neal Matthews ti ẹgbẹ́ elégbè Jordanaires ló bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ nígbà tí àwọn ọdún 1950 ń parí lọ, Charlie McCoy, olórin sítúdíò, àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ wá sọ ọ́ di ti gbogbo sítúdíò ìlú yẹn. Nọ́ńbà kan, bar kan, ìyẹn kíkà 1-2-3-4 lẹ́ẹ̀kan. Méjì tí wọ́n fàlà sí nídìí, wọ́n jọ pín bar kan ni. 6- ni kọ́ọ̀dù minor. Èyí tó ní igun mẹ́rin, ta á lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kí o jẹ́ kó máa dún títí bar yẹn á fi tán. Bí akọrin bá ní G ti ga jù fóun, tí wọ́n sọ̀ ọ́ sí E, ìwé rẹ ò yí padà.

Arẹ̀mú, Atlanta
Nọ́ńbà kọ́ ló máa kó bá ọ, ìka rẹ ni. Èmi lọ ta dẹ́mò, orin tí wọ́n gbà sílẹ̀ fún àfiwò, níbẹ̀ nígbà kan, mo ń sáré láti òkè ọrùn jìtá dé ìsàlẹ̀ bí ẹni wà nínú ìyìn òwúrọ̀ ọjọ́ Àìkú. Producer tẹ bọ́tìnì, ohùn ẹ̀ wọ hẹ́dífóònù mi jẹ́jẹ́: ṣé mo gbọ́ ohun tí obìnrin yẹn ń kọ? Mi ò gbọ́ ọ lóòótọ́. Wọn ò pè mí mọ́ títí dòní. Ìró 1 àti 5 inú kọ́ọ̀dù ni kí o ta, kí o lẹ̀ mọ́ ìlù tí onílù ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀. Ki fóòmù kékeré bọ abẹ́ okùn, nítòsí ibi tí wọ́n ti so ó, kí ohùn ẹ̀ má máa fà. Aago mẹ́wàá tí wọ́n wí, orin gan-an ni wọ́n ń bẹ̀rẹ̀ nígbà yẹn. Sẹ́ṣọ̀n mẹ́ta ló wà lójúmọ́ níbẹ̀, 10, 2, 6, wákàtí mẹ́ta mẹ́ta. Bí aago mẹ́sàn-án ààbọ̀ bá lù, kí wáyà rẹ ti wà lára jìtá.

Ìyá Ìbejì, Dallas
Ọ̀rọ̀ owó ọwọ́ yẹn ló ká mi lára. Ọkọ mi gba 100 dọ́là fún dẹ́mò kan ní Nashville kí àwọn ìbejì tó dé. Lọ́jọ́ kan a ń lọ sọ́jà, orin yẹn bẹ̀rẹ̀ lórí rédíò. Ó pa rédíò, ó tún tàn án. Ó ń fi ìka ta á lórí itan ara ẹ̀, kò sọ̀rọ̀. Béèsì tiẹ̀ gan-an ni wọ́n gbé jáde. Ká ní ìwé yúníọ̀nù àwọn olórin wà nílẹ̀ ni, dẹ́mò tó bá di ohun títà, wọ́n gbọ́dọ̀ san àfikún. Ìwé ò sí. Ibẹ̀ ló parí sí.

Bàbá Akọrin, Houston
Ẹni tó gbé e jáde ló jẹ̀bi, kì í ṣe ọkọ yín.

Àdùkẹ́, Nashville
Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú, àwọn méjèèjì ló jẹ̀bi. Local 257 ni yúníọ̀nù tiwa níbí. Lórí ìwé yẹn ni owó ìfẹ̀yìntì wà. Owó rédíò orí íntánẹ́ẹ̀tì náà ńkọ́? Nínú 100, 2.5 jẹ́ ti àwọn tó ń ta ohun èlò lẹ́yìn akọrin, 2.5 sì jẹ́ ti àwọn elégbè. Bí orúkọ rẹ ò bá sí níbì kankan, wọ́n á wá ọ tì.

Ìyá Ìbejì, Dallas
Àdùkẹ́, owó ilé ti wọ oṣù kejì nígbà yẹn. Ta ló máa kọ 100 dọ́là?

Àdùkẹ́, Nashville
Mo mọ̀, àǹtí. Ẹ forí jì mí. Ọmọ tó ń bèèrè yìí ni mò ń bá wí.

Ọmọ Ọ̀ṣogbo, Nashville
Ẹ ṣé gan-an. Bí mo bá wá bèèrè ìwé, ṣé wọn ò ní pe ẹlòmíràn?

Ọmọ Èkó, Peckham
Ẹ̀yin ará Amẹ́ríkà, ẹ kú wàhálà! Ní Peckham níbí, ẹni tó bá lè ta jùjú mọ́jú, nínáwó la ń náwó fún un.

Bàbá Akọrin, Houston
Peckham kẹ̀! Nínú òtútù yẹn, ìka wo ló fẹ́ ta béèsì? Houston nilé.

Arẹ̀mú, Atlanta
Houston tí ẹ ó wa mọ́tò wákàtí méjì kí ẹ tó dé òde, ìrẹsì á sì ti tán!

Àdùkẹ́, Nashville
Ẹ máa pariwo, kò sí èyí tó ní Music Row nínú yín. Ẹ tiẹ̀ mọ̀ pé Bob Moore ló ta béèsì nínú "He'll Have to Go" ti Jim Reeves, ní Studio B, sítúdíò kan níbí, 1959? Wọ́n ní sẹ́ṣọ̀n tí bàbá yẹn ṣe lé ní 17,000. Ó kú ní 2021.

Ìyá Ìbejì, Dallas
Háà, Jim Reeves! Àárọ̀ Àìkú nílé wa ní Iléṣà nìyẹn. Bàbá mi á ti wọ agbádá, àkàrà á máa dín lẹ́yìnkùlé, àwo á máa yí. A ò mọ̀ pé ẹnì kan wà tó ń jẹ́ Bob Moore.

Arẹ̀mú, Atlanta
Abájọ tí steel guitar, jìtá orin country tí wọ́n ń fi irin yọ̀ lórí okùn, tí Dèmọ́lá Adépòjù ń ta fi bá wa lára mu nínú orin King Sunny Adé. Etí wa ti mọ̀ ọ́n láti kékeré.

Ọmọ Ọ̀ṣogbo, Nashville
Mo ti ki fóòmù bọ abẹ́ okùn. Béèsì Bob Moore yẹn ni mò ń gbọ́ báyìí, ìró méjì péré nínú bar kan. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ìwé yẹn ńkọ́, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n?

Bàbá Akọrin, Houston
Studio B ò jìnnà síbi tí ò ń lọ. Bí o bá ṣe tán lọ́la, yà níbẹ̀, kí o fọwọ́ kan ògiri ẹ̀ fún mi. Ya fọ́tò wá. Màmá mi ní Ìlárá máa fẹ́ rí i.