Pásítọ̀ wa ti di Àpọ́sítélì: kí ló wá yàtọ̀ nínú iṣẹ́ wọn?

Akọ̀wé Kubwa

Ẹ kú ilé o ẹ̀yin ará, ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí torí ó ti ń jẹ mí lọ́kàn láti bí oṣù méjì. Ìjọ wa ò tóbi, bí ọgọ́rin èèyàn la máa ń jẹ́ lọ́jọ́ Sọ́ńdè níbí ní Kubwa l'Abuja, èmi ni akọ̀wé. Pásítọ̀ wa jẹ́ ẹni tí mo fẹ́ràn dénú, àwọn ló dúró tì wá nígbà tí bàbá mi kú, mi ò lè gbàgbé ẹ̀ láé. Wọ́n lọ sí kọnfẹ́ńṣọ̀n kan lóṣù kẹta, ìgbà tí wọ́n máa dé, wọ́n ti fi òróró yàn wọ́n ní Àpọ́sítélì, wọ́n sì ní ká má pe àwọn ní pásítọ̀ mọ́. A pààrọ̀ bánà, a tẹ pósítà tuntun, a ra àga ńlá tí wọ́n ń jókòó sí lórí pẹpẹ báyìí, èmi náà ni mo kọ gbogbo ìnáwó yẹn sínú ìwé.

Ojú ìwé kan náà ni mo ti rí ìlà tá a máa ń kọ owó arákùnrin wa sí, ẹni tá a rán lọ wàásù ní abúlé àwọn Gbagyi kan lẹ́yìn Kuje. 20,000 náírà lóṣù. Ìlà yẹn ti ṣófo fún oṣù mẹ́rin. Mo bi wọ́n nípa ẹ̀, wọ́n ní àpọ́sítélì ni ìbòrí ìjọ, pé ìbòrí ló gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ dúró kí iṣẹ́ tó lè rìn. Mo dákẹ́ torí mi ò ní èsì. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀wé, ṣé àpọ́sítélì ṣì wà lóde òní? Tí wọ́n bá wà, kí ni wọ́n ń ṣe tí pásítọ̀ ò lè ṣe? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bá mi bú wọn o, mo kàn fẹ́ mọ̀ ni.

Míṣọ́nárì Kwali

Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú àmúmọ́ra. Ọdún kẹsàn-án mi rèé ní ìhà Kwali yìí, ọ̀rọ̀ yín sì bá mi níbi tó ń dùn mí.

Ọ̀rọ̀ Gíríìkì ni àpọ́sítélì, ẹni tí wọ́n rán níṣẹ́ ló túmọ̀ sí, òjíṣẹ́ ṣáá ni. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì fún wa ò yí i sí Yorùbá, wọ́n fi sílẹ̀ bó ṣe rí, mo rò pé ìyẹn ló jẹ́ kó máa dún létí wa bí oyè. Ká ní òjíṣẹ́ ni wọ́n kọ síbẹ̀ ni, ohun tá a máa kọ́kọ́ bi ẹni tó bá pe ara ẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni pé ta ló rán an, ibo ló rán an sí, ìgbà wo ló ń lọ.

Àwọn méjìlá yàtọ̀ o. Ìṣe 1:21-22 sọ ọ́ gbangba pé ẹni tó máa rọ́pò Júdásì gbọ́dọ̀ ti wà pẹ̀lú wọn láti ìgbà ìrìbọmi Jòhánù, kó sì jẹ́ ẹlẹ́rìí àjíǹde. Ilẹ̀kùn yẹn ti tì. Àmọ́ Ìṣe 14:14 pe Bánábà náà ní àpọ́sítélì, kò sì sí lára àwọn méjìlá, ìjọ Áńtíókù ló gbọ́wọ́ lé òun àti Pọ́ọ̀lù lórí, tí wọ́n sì ní kí wọ́n máa lọ. Wọ́n gbọ́wọ́ lé wọn, wọ́n gbéra kúrò nílùú.

Èyí tó máa ń mú omi bọ́ lójú mi wà ní Fílípì 2:25. Epafírodítù. Nínú Gíríìkì, ọ̀rọ̀ kan náà ni Pọ́ọ̀lù lò fún un níbẹ̀, àpọ́sítélì yín. Kí sì ni Epafírodítù ṣe? Ó ru ẹ̀bùn ìjọ Fílípì lọ bá Pọ́ọ̀lù tó wà nínú ìdè, àìsàn sì fẹ́rẹ̀ẹ́ pa á nídìí ẹ̀. Iṣẹ́ tí wọ́n rán an kò ju ìyẹn lọ.

Ẹ̀gbọ́n, ẹ má fojú kéré 20,000 yẹn. Òun ni epo ọ̀kadà, òun ni oògùn ibà. Mo ti wà nípò arákùnrin yẹn rí, oṣù mẹ́ta owó ò dé, iṣu tí mo gbìn ni mò ń wú jẹ láì tíì gbó, ó rí tín-ín-rín bí ọwọ́ ọmọdé, mo ń sè é jẹ mo sì ń wàásù. Ẹ wá a lọ.

Màmá Karu

Ẹ̀yin ọmọ mi, Ọlọ́run á bù kún yín. Èmi ọmọ ìjọ CAC (Christ Apostolic Church) ni mí, wọ́n bí mi síbẹ̀, mi ò lè gbọ́ kí ẹnì kan ní kò sí àpọ́sítélì mọ́ kí n dákẹ́. Àwa rí Àpọ́sítélì Joseph Ayọ̀ Babalọlá. Ẹni tó ń wa ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń tẹ ọ̀nà níṣẹ́ ọ̀nà ìjọba lọ́dún 1928 nígbà tí Olúwa pè é, kò bá wọn lọ sí kọnfẹ́ńṣọ̀n kankan, ó fiṣẹ́ sílẹ̀ ni. Lọ́dún 1930 ní Òkè-Oòyè ní Iléṣà, omi àdúrà àti agogo ọwọ́, èrò ń wá láti gbogbo ilẹ̀ Yorùbá, àwọn òbí wa ló sọ fún wa torí àwọn fúnra wọn fẹsẹ̀ rìn lọ. Lọ́dún 1932 wọ́n sọ ọ́ sẹ́wọ̀n oṣù mẹ́fà ní Benin nítorí ìwàásù. Ó jáde, ó tún ń bá iṣẹ́ lọ títí Olúwa fi pè é lọ ilé ní 1959.

Akọ̀wé ọmọ mi, ìdí tí mo fi sọ gbogbo èyí ni pé iṣẹ́ yẹn làwọn èèyàn rí kí wọ́n tó pè é bẹ́ẹ̀. Ẹ gbàdúrà fún pásítọ̀ yín. Ẹ má fi ìjọ sílẹ̀ o.

Bàbá Lugbe

Mo kí gbogbo yín. Mo fẹ́ gbèjà ipò yẹn díẹ̀, kì í ṣe pé mo gbèjà àga tí wọ́n rà. Ìjọ tí kò ní ẹni tó lè bá pásítọ̀ wí, mo ti rí ibi tó já sí: pásítọ̀ di ọba lábà ara ẹ̀, nígbà tó ṣubú kò sẹ́ni tó lè gbé e dìde, àwọn ọmọ ìjọ tú ká. Pọ́ọ̀lù fi Títù sílẹ̀ ní Kírétè kó lè yan àwọn alàgbà láti ìlú dé ìlú, Títù 1:5. Nínú 2 Kọ́ríńtì 11:28 ó ní àníyàn gbogbo ìjọ ló wà lọ́rùn òun lójoojúmọ́. Ẹnì kan gbọ́dọ̀ ṣe irú iṣẹ́ yẹn, àwọn kan ń pè é ní bíṣọ́ọ̀bù, àwọn kan alábòójútó, àwọn kan àpọ́sítélì.

Ọ̀rọ̀ ìbòrí yẹn, C. Peter Wagner ará Amẹ́ríkà wà lára àwọn tó tan irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ kálẹ̀ láti bí 1990 síwájú, ó ní Ọlọ́run ń dá ipò àpọ́sítélì padà sínú ìjọ, kí ọ̀pọ̀ pásítọ̀ wà lábẹ́ wọn. Ọ̀pọ̀ kọnfẹ́ńṣọ̀n tiwa ń sọ̀rọ̀ bíi tiwọn. Mo gbà pé ó dáa kí èèyàn ní ẹni tó ń bojú tó o. Ṣùgbọ́n nínú 2 Kọ́ríńtì 11 yẹn, ká tó dé ẹsẹ 28, Pọ́ọ̀lù ti ka pàṣán, ọkọ̀ tó rì, ebi àti òtútù. Akọ̀wé, ẹ bá wọn ka orí yẹn látòkè délẹ̀, ẹ̀yin méjèèjì nìkan, láìsí alàgbà kankan níbẹ̀. Ẹ má lọ sọ ọ́ ní mítìn.

Oníṣòwò Kano

Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tí wọ́n bí ní Sabon Gari ni mí. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ẹ̀yin ará Abuja lè má kíyè sí. Manzo ni Bíbélì Hausa ń pe àpọ́sítélì. Gbogbo Mùsùlùmí tó yí wa ká níbí, Manzo ni wọ́n fi ń pe Ànábì wọn, Manzon Allah. Ẹ wá gbé pósítà sójú títì pé Manzo lágbájá ń bọ̀, ọ̀rọ̀ yẹn wúwo létí aládùúgbò yín ju bẹ́ ẹ ṣe rò lọ, kí ẹ sì tó ṣàlàyé tán, ó ti wọlé, ó ti tilẹ̀kùn.

Àwọn bàbá wa tó gbé ṣọ́ọ̀ṣì Onítẹ̀bọmi wá sí ọ̀pọ̀ ìlú òkè ọya yìí, oníṣòwò lásán ni wọ́n. Aṣọ ni wọ́n ń tà. Wọ́n dé, wọ́n yá yàrá, wọ́n bẹ̀rẹ̀ àdúrà nínú ẹ̀, bó ṣe di ìjọ nìyẹn. Bọ̀dá ni wọ́n ń pe ara wọn.

Akọ̀wé Kubwa

Ẹ ṣé gan-an ni, mo ka gbogbo ẹ̀, mo tún un kà. Bàbá Lugbe, mo ṣe bẹ́ ẹ ṣe wí. Mo lọ bá wọn nílé lálẹ́ Wẹ́sídè, a ka 2 Kọ́ríńtì 11 pọ̀, a tún ka Fílípì. Wọn ò bínú. Wọ́n dákẹ́ fún ìgbà pípẹ́, wọ́n wá ní kí n lọ wo iye tó kù lápò ìjọ. 53,000 ló kù, wọ́n fi 27,000 tiwọn kún un kó pé 80,000, wọ́n ní kí n gbé e lọ fúnra mi, kí n má fi ránṣẹ́ lórí fóònù.

Sátidé ni mo lọ. Mo wọ ọ̀kadà láti Kuje, ọ̀nà yẹn burú, a pàdé àwọn obìnrin Gbagyi tó gbé igi ìdáná lé èjìká bí wọ́n ṣe máa ń gbé e. Arákùnrin yẹn ti rù. Ó ń bá wọn sun èédú tà kó lè jẹun, ọwọ́ ẹ̀ dúdú dé ìgbọ̀nwọ́, ó fi pamọ́ sẹ́yìn kò fẹ́ bọ̀ mí lọ́wọ́, èmi ni mo fà á. Ó ní ìwé kan tó ń kọ ọ̀rọ̀ Gbagyi sí, ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kún. Èèyàn mọ́kànlá ló ń bá a jọ́sìn.

Nígbà tí mò ń padà, ó ní kí n bá òun kí Pásítọ̀ dáadáa, kí n sọ pé òun ò gbàgbé wọn nínú àdúrà. Kò tíì gbọ́ nǹkan kan nípa orúkọ tuntun yẹn. Mo délé, mo jíṣẹ́ náà fún wọn bó ṣe rán mi gẹ́lẹ́. Wọ́n bi mí pé ọjọ́ wo ni mo tún ń lọ.