Ṣé ẹni tí kò mọ àwòrán yà lè kọ ánímè, eré àwòrán àwọn ará Japan?

Ọmọ Ìrẹ̀mọ: Ẹ káalẹ́ o. Ẹ̀yìn ìwé gbèsè ìyá mi ní ṣọ́ọ̀bù Lágere ni mo ń kọ ìtàn sí. Mi ò lè ya ẹsẹ̀ adìyẹ. Ṣé ọ̀nà wà?

Ẹ̀gbọ́n Ìlódè: Ó wà, àbúrò. Mari Okada, obìnrin tó ń kọ ánímè, tí wọ́n bí ní ìlú Chichibu ní Japan ní 1976, ọ̀pọ̀ ọdún ni kò fi lọ sílé ìwé déédéé, inú ilé ló ń jókòó sí. Òun ló wá kọ eré ánímè ọdún 2011 tí ìtàn rẹ̀ wáyé ní Chichibu yẹn gan-an. Ní 2018, ó darí fíìmù tirẹ̀. Ìwé kíkọ ló gbé e débẹ̀.

Ọmọ Ọbòkun: Má jẹ́ kí wọ́n fi ìwé gbèsè yẹn pọ́n àkàrà o!

Ọmọ Ìrẹ̀mọ: Ìlú tirẹ̀ gan-an! Ìrẹ̀mọ ni tèmi á ti bẹ̀rẹ̀, lálẹ́ òní.