Àwọn obìnrin tí wọ́n lọ gbé inú igbó nítorí ìnàkí: ṣé wíwò lásán ni iṣẹ́ wọn?

Ìyá Ìbejì, Sùúrùlérè

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará. Ọ̀rọ̀ kan ni mo gbé wá síwájú yín. Àwọn ìbejì mi ti pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún. Lóṣù tó kọjá, Táyé sọ fún mi pé ohun tí òun fẹ́ fi ayé òun ṣe ni kí òun máa ṣe ìwádìí àwọn ìnàkí nínú igbó, bí Jane Goodall, obìnrin ọmọ Gẹ̀ẹ́sì nì, ti ṣe. Ọ̀rọ̀ náà kò ya ìyá ọkọ mi lẹ́nu rárá. Ó ní ìbejì ni ọmọ náà, ẹdun sì ni ẹbí rẹ̀. Láti ọjọ́ tí a ti bí wọn ni ẹran ọ̀bọ ti di èèwọ̀ nínú ilé wa. Ṣùgbọ́n nígbà tí Táyé sọ ọ́ níléèwé, olùkọ́ kan dá a lóhùn lójú gbogbo kíláàsì pé kí ènìyàn jókòó máa wo ọ̀bọ kì í ṣe sáyẹ́ǹsì, àti pé ọmọbìnrin tí ó bá fẹ́ràn sáyẹ́ǹsì, kí ó lọ ṣe dókítà tàbí nọ́ọ̀sì. Ẹkún ni ọmọ náà sun délé.

Ẹ jọ̀wọ́, kí ni Goodall àti àwọn obìnrin bíi tirẹ̀ rí gan-an tí àwọn tó ṣáájú wọn kò rí? Kí ló dé tó fi jẹ́ obìnrin ni wọ́n rán lọ? Ṣé a sì rí ọmọ Áfíríkà kankan nínú wọn? Kì í ṣe ìtùnú ni mò ń wá. Ohun tí èmi àti ọmọ náà lè fi dáhùn ni mo fẹ́.

Olùkọ́ Àgbà, Yábàá

Ìyá Ìbejì, ẹ pẹ̀lẹ́ o, ẹ bá mi rẹ Táyé lẹ́kún. Bàọ́lọ́jì ni mo fi ọgbọ̀n ọdún kọ́ àwọn ọmọ kí n tó fẹ̀yìn tì, ọ̀rọ̀ tí olùkọ́ yẹn sọ sì dùn mí, nítorí pé wíwò ni ìpìlẹ̀ gbogbo sáyẹ́ǹsì. Ohun tó yàtọ̀ ni bí ènìyàn ṣe wò, bí ó ṣe pẹ́ tó nídìí ohun tó ń wò, àti bóyá ó kọ ohun tí ó rí sílẹ̀ lọ́jọ́ náà gan-an.

Louis Leakey, ẹni tí ń wá egungun àwọn ẹ̀dá ayé àtijọ́ ní Kẹ́ńyà, ni ó rán àwọn obìnrin náà. Ìgbàgbọ́ rẹ̀ ni pé obìnrin ní sùúrù ju ọkùnrin lọ, pé ojú obìnrin máa ń tètè rí ohun kéékèèké, àti pé akọ ẹranko kò ní fi bẹ́ẹ̀ kà á sí ọ̀tá. Bóyá òótọ́ ni, bóyá èrò tirẹ̀ lásán ni, n kò ní jà lé e lórí. Ṣáájú Goodall pàápàá, ó ti rán Rosalie Osborn lọ sọ́dọ̀ àwọn gọ̀rílà ní Uganda ní ọdún 1956, Jill Donisthorpe sì tẹ̀ lé e. Oṣù mélòó kan péré ni ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn lò níbẹ̀, ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò fi gbọ́ orúkọ wọn rí.

Ọjọ́ 14 oṣù keje ọdún 1960 ni Goodall gúnlẹ̀ sí Gombe, létí adágún omi Tanganyika, ní orílẹ̀-èdè tí ó ń jẹ́ Tanzania lónìí. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni, iṣẹ́ akọ̀wé ni ó kọ́, kò sì tí ì wọ yunifásítì kankan. Ìjọba ìgbà náà kò gbà kí ó dá wọ inú igbó, ni Vanne ìyá rẹ̀ bá tẹ̀ lé e lọ. (Ẹ jẹ́ kí Táyé mọ èyí: ìyá ló bá ọmọ pa àgọ́.) Fún ọ̀pọ̀ oṣù, bí àwọn ìnàkí (chimpanzee) bá ti rí i lókèèrè báyìí, wọ́n á sá. Orí òkè kan ni ó máa ń gùn lọ láràárọ̀ láti fi awò tí ń mú ọ̀nà jíjìn súnmọ́ ojú wò wọ́n. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé Sùúrùlérè, orúkọ àdúgbò yín ti sọ ohun tí ó kàn.

Ní oṣù kọkànlá ọdún náà, ó rí ìnàkí kan tí irun àgbọ̀n rẹ̀ ti funfun, èyí tí ó ti sọ ní David Greybeard, tí ó jókòó ti òkìtì ikán. Ìnàkí náà ti koríko kan bọ inú ihò, ó dúró díẹ̀, ó rọra fà á jáde, ikán sì ti so mọ́ koríko náà láti òkè délẹ̀. Ó fi ètè kó wọn jẹ, ó tún tì í bọ̀ ọ́. Nígbà mìíràn, ẹ̀ka igi kékeré ni yóò já, tí yóò sì fi ọwọ́ rẹ́ ewé ara rẹ̀ dànù kí ó tó lò ó. Ibi tí ọ̀rọ̀ wà gan-an nìyẹn. Ohun tí wọ́n ń kọ́ wa nígbà náà ni pé ènìyàn nìkan ni ẹ̀dá tí ń ṣe irinṣẹ́, pé òun ló fi yàtọ̀ sí ẹranko. Nígbà tí ìròyìn dé ọ̀dọ̀ Leakey, ó fèsì pé a ní láti tún ohun tí irinṣẹ́ jẹ́ sọ, tàbí kí a tún ohun tí ènìyàn jẹ́ sọ, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀, kí a ka ìnàkí mọ́ ènìyàn. Ṣáájú èyí díẹ̀ ni Goodall ti rí wọn tí wọ́n ń jẹ ẹran, nígbà tí ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé gbà pé èso àti ewé nìkan ni oúnjẹ wọn.

Ohun kan tún wà tí ó wù mí kí Táyé mọ̀. Nígbà tí Goodall dé Cambridge, níbi tí ó ti gba oyè ọ̀mọ̀wé ní ọdún 1966 láìṣe pé ó ti ní dìgírì kankan tẹ́lẹ̀, wọ́n ní kò yẹ kó fún àwọn ẹranko ní orúkọ, pé nọ́ńbà ló yẹ kí ó fún wọn. Nínú ìwé ìwádìí rẹ̀ àkọ́kọ́, níbi tí ó bá ti kọ “ẹni tí”, olótùú á pa á rẹ́, á fi “èyí tí” sí i. Goodall dá gbogbo rẹ̀ padà. Gbogbo wa ni a mọ ìyàtọ̀ tó wà láàárín “ta ni” àti “kí ni”. Orúkọ yẹn ni ó jẹ́ kí ó mọ̀ pé lẹ́yìn tí ìnàkí arúgbó tí ó ń pè ní Flo kú ní ọdún 1972, Flint ọmọ rẹ̀ kò jẹun dáadáa mọ́, ó sì kú kí oṣù kan tó pé. Ẹni tó bá fún wọn ní nọ́ńbà lè kọ ọ́ pé ẹranko méjì kú. Goodall fúnra rẹ̀ kú ní ọjọ́ 1 oṣù kẹwàá ọdún 2025, ní ọmọ ọdún mọ́kànléláàádọ́rùn-ún, lórí ìrìn àjò tí ó ti ń bá àwọn ènìyàn sọ̀rọ̀.

Adéọlá, Èbúté-Mẹ́ta

Ẹ ṣeun, Olùkọ́ Àgbà. Mo fara mọ́ gbogbo rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a fún ọmọ náà ní òtítọ́ délẹ̀. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni Goodall fi fa àwọn ìnàkí wá sí àgọ́ rẹ̀, àwọn onímọ̀ sì bá a wí lórí rẹ̀, nítorí pé ọ̀gẹ̀dẹ̀ yẹn dá ìjà sílẹ̀ láàárín wọn. Òun náà dín in kù nígbà tó yá. Mímọ àṣìṣe ẹni wà lára iṣẹ́ náà.

Dian Fossey, tí Leakey rán sọ́dọ̀ àwọn gọ̀rílà, ni kí ó kà nípa rẹ̀ tẹ̀ lé e. Òṣìṣẹ́ ilé ìwòsàn ní Amẹ́ríkà ni, ó yá owó kí ó tó lè rí ilẹ̀ Áfíríkà ní ọdún 1963. Orílẹ̀-èdè Kóńgò ni ó ti bẹ̀rẹ̀, ogun lé e jáde, ó sì dá ibùdó Karisoke sílẹ̀ ní Rwanda ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1967, láàárín òkè Karisimbi àti òkè Visoke. Inú orúkọ òkè méjèèjì ni ó ti ṣa orúkọ ibùdó náà jọ. Ìlà tó wà lókè ihò imú gọ̀rílà kọ̀ọ̀kan ni ó fi ń dá wọn mọ̀. Bí ó bá súnmọ́ wọn, kì í dúró ṣánṣán. Yóò tẹ̀ ba sílẹ̀, yóò máa já ewé jẹ, yóò máa kùn bí wọ́n ti ń kùn, títí tí ọkàn wọn fi balẹ̀. Ní ọdún 1970, gọ̀rílà kan tí ó ń pè ní Peanuts na ọwọ́, ó fi kan ọwọ́ rẹ̀.

Ní ọjọ́ tí ó kẹ́yìn ọdún 1977, àwọn ọdẹ pa Digit, gọ̀rílà tí ó fẹ́ràn jù, wọ́n gé orí àti ọwọ́ rẹ̀ lọ. Láti ìgbà náà ni ìjà rẹ̀ pẹ̀lú àwọn ọdẹ àti àwọn darandaran ti gbóná sí i, ó sì le mọ́ àwọn ará ibẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ. Èyí ni èmi kò lè yìn ín fún, pàápàá nígbà tí ó jẹ́ pé ọmọ Rwanda ni àwọn tí ń bá a tọpasẹ̀ gọ̀rílà lójoojúmọ́. Ní oṣù kejìlá ọdún 1985, wọ́n pa á nínú yàrá rẹ̀. Nǹkan bí 250 gọ̀rílà ni wọ́n kà lórí àwọn òkè Virunga, tí Karisimbi àti Visoke wà lára wọn, ní ọdún 1981. Lónìí, gbogbo gọ̀rílà orí òkè tó wà láyé, ti Virunga àti ti igbó Bwindi ní Uganda papọ̀, ti lé ní 1,000.

Ẹ̀kẹta wọn, Birutė Galdikas, dé erékùṣù Borneo ní Éṣíà ní ọdún 1971. Wọ́n ti sọ fún un pé kò sí bí ó ṣe lè rí ọ̀ràngútàn, irú ìnàkí onírun pupa tí ń gbé ibẹ̀, wò pẹ́ nínú igbó irà, nítorí pé wọ́n máa ń dá rìn, orí igi gíga ni wọ́n sì ń gbé. Ó wọ inú omi tó mù ún dé ìbàdí, eṣúṣú fa ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n kò padà sẹ́yìn. Lára ohun tí ó fi hàn wá ni pé nǹkan bí ọdún méje sí mẹ́jọ ni ìyá ọ̀ràngútàn máa ń lò kí ó tó tún bímọ. Bí wọ́n bá pa ìyá kan, ẹ ronú iye ọdún tí igbó yóò fi dárò rẹ̀. Ohun tí ó sì ń lé wọn kúrò nínú igbó lónìí ni oko ọ̀pẹ, ọ̀pẹ tiwa yìí gan-an, tí ó jẹ́ ọmọ bíbí ilẹ̀ Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà. Irúgbìn mẹ́rin péré ni wọ́n gbìn sí Bogor ní Indonesia ní ọdún 1848. Mo máa ń rántí rẹ̀ bí mo bá ń da epo sínú ìkòkò.

Oníṣègùn Ẹran, Ìsàlẹ̀ Èkó

Ìyá Ìbejì, ẹ bèèrè nípa ọmọ Áfíríkà. Ó wà. Gladys Kalema-Zikusoka, ọmọ Uganda, tí ó jẹ́ oníṣègùn ẹran bíi tèmi, ni wọ́n pè ní ọdún 1996 nígbà tí irun ń re lára àwọn gọ̀rílà kan ní Bwindi. Kúrúnà ni! Ara ènìyàn ni àìsàn náà ti wá: gọ̀rílà máa ń wọ oko àwọn ará abúlé, wọ́n sì ń fọwọ́ kan àkísà tí wọ́n fi wọ ère tí ń lé ẹranko lóko. Ọmọ gọ̀rílà kan kú, àwọn tó kù gba oògùn, wọ́n sì yè. Ohun tí ó rí kọ́ níbẹ̀ ni pé bí àwọn ará abúlé kò bá rí ìtọ́jú, gọ̀rílà kò lè ní ìlera. Ní ọdún 2003, ó dá àjọ kan sílẹ̀ tí ń tọ́jú ènìyàn àti ẹranko papọ̀.

Nílé wa níhìn-ín, Rachel Ikemeh ń ṣiṣẹ́ lórí àwọn ìnàkí tó kù ní ilẹ̀ Yorùbá, bí àwọn ti igbó Ìsẹ̀ ní Èkìtì. Ó gba ẹ̀bùn Whitley, tí wọ́n fi ń yẹ́ àwọn tó ń dáàbò bo ẹranko sí, ní ọdún 2020. Ọ̀pọ̀ ọmọ Èkó kò mọ̀ pé ìnàkí ṣì wà nítòsí wa tó bẹ́ẹ̀. Bí Táyé bá fẹ́ kàwé, ẹ̀ka ìmọ̀ ẹranko wà ní Yunifásítì Èkó ní Akọka. Kí ó di bàọ́lọ́jì àti kẹ́místìrì mú ṣinṣin. Ṣùgbọ́n kí ó tó dìgbà náà, ẹ mú un lọ sí ọgbà ìdáàbòbò ẹranko ní Lẹ́kkí. Ọ̀bọ mona wà níbẹ̀. Kí ó mú ìwé àti bírò dání, kí ó má gbé fóònù jáde.

Ìyá Ìbejì, Sùúrùlérè

Ẹ̀yin ará, ẹ ṣeun púpọ̀, Ọlọ́run yóò máa ràn yín lọ́wọ́. A lọ ní Sátidé. Súnkẹrẹ-fàkẹrẹ dá wa dúró lórí afárá, ó ti tó aago mẹ́wàá kí a tó dé ibẹ̀. Ó sú Kẹ́hìndé láàárín ogún ìṣẹ́jú, ó lọ gun afárá orí igi. Táyé jókòó sórí bẹ́ǹṣì kan títí di aago kan ọ̀sán. Ní ìṣẹ́jú márùn-ún márùn-ún ló ń kọ ohun tó ń rí. Mo wo ìwé rẹ̀ nígbà tí a ń bọ̀ wálé: ọ̀bọ mẹ́ta ló ti ní orúkọ, ọ̀kan nínú wọn ya létí òsì, kì í sì í jẹun títí tí èyí tí ó sanra yóò fi kúrò nídìí igi. A ó tún padà lọ ní Sátidé tó ń bọ̀, nítorí pé ọmọ ọ̀bọ kékeré kan wà níbẹ̀, Táyé sì ní òun kò tí ì mọ ẹni tí ó bí i.