Ṣé "nudibranche" náà ni gbogbo ìgbín òkun tí kò níkarahun?

ỌmọWàńdò_Àjàṣẹ́
Ẹ kú ojúmọ́ o ẹ̀yin èèyàn mi. Ẹ jọ̀ọ́ ẹ gbà mí. Àbúrò mi ọkùnrin tó wà ní lycée níbí ní Àjàṣẹ́ ní exposé kan tó fẹ́ ṣe ní SVT, ìyẹn ẹ̀kọ́ nípa ohun alààyè àti ilẹ̀ ayé, lórí àwọn ẹran inú òkun, ó wá yan àwọn ìgbín òkun tí kò níkarahun yẹn, èyí tí àwọn Faransé ń pè ní limace de mer, torí ó rí fótò wọn lórí pọ́táàbù mi, àwọ̀ wọn wù ú, ọ̀kan pupa, ọ̀kan búlúù, ọ̀kan dà bí àńkárá tuntun. Ó kọ ojú ìwé mẹ́ta, ó sì ń ju nudibranche síbẹ̀ ṣáá torí ó ní ọ̀rọ̀ yẹn ló dún bíi ti onímọ̀. Olùkọ́ dá a padà, ó fi bíìkì pupa fa ìlà sábẹ́ nudibranche níbi mẹ́rin, kò sọ ìdí kankan, àmì ìbéèrè lásán ló fi sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀. Ó bí mi nínú díẹ̀, ṣebí téèyàn bá fa ìlà á sọ ìdí ẹ̀ fọ́mọ ọlọ́mọ.

Mo bi ọmọ ẹ̀gbọ́n màmá mi tó wà l'Ékòó, òun ní ọ̀rọ̀ náà ò tiẹ̀ parí sí "ṣì", pé "núdíbráńkì" làwọn ń pè é. Ìwé àtijọ́ kan tí bàbá wa fi sílẹ̀ nílé tún ń pe irú ẹran yìí ní opisthobranche. Orí mi ti dàrú pátápátá. Kí ni nudibranche túmọ̀ sí gan-an? Ṣé gbogbo wọn náà ló ń jẹ́ ẹ? Opisthobranche ńkọ́? Tí ẹnì kan bá sì mọ ohun tá a lè pè é lédè wa, ẹ bá mi sọ.

Tíṣà_Kétu
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ bá mi kí àbúrò yín. SVT lèmi náà ń kọ́ wọn níbí, ẹ má bínú sí olùkọ́ yẹn jù, tí kàyé ọgọ́ta bá wà níwájú èèyàn lálẹ́, bíìkì á kàn máa sáré ni. Àmọ́ ó yẹ kó sọ ìdí ẹ̀ lóòótọ́.

Ọ̀rọ̀ yẹn ò le, àwa tá a fi Faransé kàwé ló tiẹ̀ yẹ kó rọrùn fún jù. Ẹ là á sí méjì. Nu, ìyẹn ìhòòhò. Branchies, àbúrò yín ti kọ ìyẹn sí kàyé tipẹ́ nígbà tí wọ́n kọ́ wọn bí ẹja ṣe ń mí, òun ni ohun pupa tó wà lẹ́rẹ̀kẹ́ ẹja, tí àwọn ìyá wa máa ń fi àtàǹpàkò ṣí wò lọ́jà kí wọ́n tó nájà rárá, tó bá pupa fòò ẹja tútù ni, tó bá ti ṣú wọ́n á ní ẹja yìí ti sùn síta. Ti ẹja ní ìdérí. Ti nudibranche ò ní, gbangba ló wà lẹ́yìn ẹ̀, nítòsí ìdí, ó là bí òdòdó, tẹ́ ẹ bá fọwọ́ kàn án wéré ló máa fà á wọlé. Ohun tí orúkọ yẹn ń sọ ò ju ìyẹn lọ: ẹran tí ohun tó fi ń mí wà ní ìhòòhò. Cuvier, ọmọ Faransé, ló sọ wọ́n lórúkọ lọ́dún 1817, ó mú apá kan nínú Látìnì, ó mú apá kejì nínú Gíríìkì.

Ní ti ṣì àti kì, kò sẹ́ni tó ṣìnà nínú ẹ̀yin méjèèjì. Faransé ń pe ch yẹn ní ṣì, àwọn elédè Gẹ̀ẹ́sì ń pè é ní k. Lápá ọ̀dọ̀ tiwa ṣì ni, tẹ́ ẹ bá ti sọdá Ìdìrókò ẹ yí i sí kì.

Ibi tí mo fura pé ìlà pupa yẹn ti wá ni pé nudibranche kì í ṣe orúkọ míì fún limace de mer. Gbogbo ọmọ Alákétu ni Yorùbá, àmọ́ kì í ṣe gbogbo Yorùbá ni ọmọ Alákétu. Kí ló kọ gan-an níbi mẹ́rẹ̀ẹ̀rin yẹn? Ẹ bá wa tẹ̀ ẹ́ síbí.

ỌmọÒkè_Ṣábẹ̀ẹ́
Ìgbín oníhòòhò! Ẹ jẹ́ n rẹ́rìn-ín ná 😂😂

Nínú oko wa níbí, tójò bá ti dá, àwọn kan máa ń jáde tí kò níkarahun, wọ́n á jẹ ewé ẹ̀fọ́ di ajẹ́rẹ́, ìyá mi kì í pè wọ́n ní nǹkan míì ju "ìgbín burúkú yìí" lọ. Ṣé ìbátan tòkun nìyẹn? Àwọn àgbà sì ní bí ìgbín bá fà, ìkarahun a tẹ̀lé e, ti eléyìí ńkọ́, ibo ni ìkarahun tiẹ̀ wọlẹ̀ sí? Ìbéèrè tó kàn mí jù: ṣé wọ́n ń jẹ ẹ́?

ỌmọWàńdò_Àjàṣẹ́
Ẹ ṣé gan-an Tíṣà. Mo ti gba kàyé lọ́wọ́ ẹ̀, ibi mẹ́rin náà rèé. Àkọ́kọ́, orí ọ̀rọ̀ fúnra ẹ̀: "Les limaces de mer ou nudibranches". Èkejì, "une nudibranche". Ẹ̀kẹta ni ti èyí tó rí bí ewé, tó tutù yọ̀yọ̀, ó kọ pé nudibranche tó ń fi oòrùn jẹun ni. Ẹ̀kẹrin ni ti búlúù kékeré tó ń léfòó lójú omi.

Bàbá_Sẹ̀mẹ̀
Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú ọ̀rọ̀ o. Èmi ò kàwé dé ibi tẹ́ ẹ wà yẹn, ẹja ni wọ́n fi tọ́ mi dàgbà létí òkun Sẹ̀mẹ̀. Mo rántí ọjọ́ kan tá a ń fa àwọ̀n, mi ò lè ju ọmọ ọdún mẹ́wàá lọ, nígbà tá a tú u jáde ohun kan wà láàárín ẹja, ó tó ìkúùkù méjì, ara ẹ̀ rọ̀ bí ògì dídì, ó pọ́n rẹ́súrẹ́sú pẹ̀lú tó-tò-tó, nǹkan méjì sì yọ lórí ẹ̀ bí etí. Ẹ̀gbọ́n mi gbé e sọ́wọ́ ó ń fi ṣeré, ló bá da omi lé e lọ́wọ́, omi tó rí bíi bísáàpù gẹ́lẹ́, ó ṣàn dé ìgúnpá. Ariwo sọ. Àwọn àgbà ní ká tètè dá a padà sómi, pé àwọn ò mọ ohun tó jẹ́. Ẹ̀gbọ́n mi fi ọṣẹ dúdú fọwọ́ títí, àwọ̀ yẹn kàn ń ṣá díẹ̀díẹ̀ ni. Ṣé nudibranche nìyẹn?

Adúkẹ́_Kàláfì
Ẹ kú àárọ̀ bàbá. Ìtàn yín yìí dáa ju fótò lọ. Rárá sà, nudibranche kọ́, Aplysia ló jọ, lièvre de mer, ehoro òkun, nítorí etí méjì tẹ́ ẹ rí yẹn. Omi bísáàpù yẹn ni ohun ìjà ẹ̀, tí wọ́n bá ti dà á láàmú ló máa ń tú u síta. Limace de mer ni lóòótọ́, àmọ́ ohun tó fi ń mí ò sí ní ìhòòhò, awọ ara ẹ̀ ló fi bò ó, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì ṣì ní ìkarahun fẹ́lẹ́ kan tó kù sínú lọ́hùn-ún tẹ́ ẹ ò lè rí lójú. Ẹ má fojú di í o. Ẹran yìí ni Eric Kandel fi ṣèwádìí bí ọpọlọ ṣe ń rántí nǹkan, torí sẹ́ẹ̀lì iṣan ìmọ̀lára ẹ̀ ò ju nǹkan bí 20,000 lọ, wọ́n sì tóbi débi téèyàn lè máa kà wọ́n níkọ̀ọ̀kan, òun náà sì wà lára àwọn tó gba ẹ̀bùn Nobel ọdún 2000.

Ó yá, kàyé. Orí ọ̀rọ̀ ò dáa, torí "ou" yẹn sọ wọ́n di ọ̀kan náà. Kó kọ "les limaces de mer", kó wá sọ nínú ẹ̀ pé nudibranche ni ẹbí tó pọ̀ jù níbẹ̀, wọ́n ti ju 3,000 oríṣi lọ. Èkejì, akọ ni ọ̀rọ̀ yẹn lédè Faransé, un nudibranche, limace ló ṣì í lọ́nà. Ẹ̀kẹta, aláwọ̀ ewé, Elysia nìyẹn, sacoglosse ni wọ́n ń pe àwọn tiẹ̀. Ewédò ló ń fẹnu fà mu, á wá tọ́jú ohun tí ewé fi ń gba oòrùn sínú ara tiẹ̀, Elysia chlorotica ti Amẹ́ríkà lè fi ọ̀pọ̀ oṣù máà jẹun. Ó dára, àmọ́ kì í ṣe nudibranche.

Ẹ̀kẹrin wá ni wàhálà, torí àbúrò yín ló gbà á! Glaucus atlanticus ni búlúù yẹn, nudibranche pọ́ńbélé ni. Ó gbé afẹ́fẹ́ mì, ó dojú ikùn sókè, ìgbì ń gbé e kiri, ó sì ń jẹ Physalia, ẹran olóró kan tó ń léfòó lójú omi òkun, tó máa ń ta èèyàn bí agbọ́n. Kò sí ohun tó ń ṣe é, oró yẹn ló ń kó pamọ́ sí ṣonṣo ìka ẹ̀gbẹ́ ẹ̀ láti fi ta ẹlòmíì, torí náà ẹni tó bá rí i létí òkun kó má he é. Mo rò pé ohun tó da olùkọ́ láàmú ni pé èèyàn ò rí "òdòdó" yẹn lẹ́yìn ẹ̀. Odidi ẹ̀yà kan wà nínú nudibranche tí kò ní in, ara wọn àti àwọn ìka wọ̀nyẹn ni wọ́n fi ń mí. Orúkọ yẹn ò ba gbogbo wọn mu, àmọ́ orúkọ ti dórúkọ.

Opisthobranche ti bàbá yín: ọmọ Faransé míì, Milne-Edwards, ló gbé e jáde lọ́dún 1848. Opistho ni "ẹ̀yìn" lédè Gíríìkì, ìyẹn àwọn tí ohun ìmí wọn wà lẹ́yìn ọkàn. Agboolé ńlá ni, nudibranche, ehoro òkun, aláwọ̀ ewé, gbogbo wọn ló wà ńbẹ̀ fún ohun tó ju ọgọ́rùn-ún ọdún lọ. Nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í yẹ ADN (DNA lédè Gẹ̀ẹ́sì) wọn wò ni wọ́n rí i pé wọn ò bára tan bẹ́ẹ̀, láti bí ọdún 2010 ni wọ́n ti tú agboolé yẹn ká, Heterobranchia tó gbòòrò ju ìyẹn lọ ni wọ́n ń lò. Àwọn kan ṣì máa ń pè é lẹ́nu lásán, àmọ́ kó má kọ ọ́ sínú exposé. Ìwé bàbá yín ò purọ́, ó kàn ti gbó ni. Èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín nínú ọ̀rọ̀ náà ni pé ìgbín tí wọ́n ń tà lọ́jà Kétu sún mọ́ ehoro òkun àti aláwọ̀ ewé yẹn ju bí àwọn yẹn ṣe sún mọ́ nudibranche lọ.

Tíṣà_Kétu
Adúkẹ́ o ṣé, èmi gan-an á ti fa ìlà pupa sí búlúù yẹn, kí n má parọ́ 🙈

ỌmọÒkè, èyí tó ń jẹ ẹ̀fọ́ ìyá yín kì í ṣe tòkun, ìgbín ilẹ̀ nìyẹn, ìbátan tó jìn ni. Ní ti ìkarahun, wọ́n bí nudibranche mọ́ ọn, ọmọ ẹ̀ tó kéré bí eruku ní ìkarahun lára, ìgbà tó bá fẹ́ dàgbà ló máa bọ́ ọ jù sílẹ̀. Ní ti jíjẹ, ẹ fi ọ̀bẹ yín sílẹ̀, ọ̀pọ̀ wọn lóró lára, àwọ̀ tó ń dán yẹn ni wọ́n fi ń kìlọ̀ fún ẹja. Àmọ́ ní Fiji wọ́n ń jẹ oríṣi ehoro òkun kan.

Lédè wa, "ìgbín òkun aláìníkarahun" tó fún limace de mer. Nudibranche, ẹ jẹ́ ká fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ní "ìgbín oníhòòhò", kíláàsì ò ní gbọ́ gbólóhùn kejì.

ỌmọWàńdò_Àjàṣẹ́
Ẹ̀yin èèyàn yìí, mi ò mọ bí mo ṣe máa dúpẹ́. Bàbá, ó ní kí n bi yín ṣé ó lè fi ti omi bísáàpù yẹn sínú exposé ẹ̀. Ó ti ń tún un kọ láti àná, ó ní ibi mẹ́ta lòun máa yí, tẹ̀kẹrin òun ò ní fọwọ́ kàn án, òun á mú fótò lọ bá olùkọ́ lọ́jọ́ Ajé. Mo ní kó kọ́kọ́ kí wọn dáadáa o.

Bàbá_Sẹ̀mẹ̀
Kó fi sí i. Kó sọ pé ọwọ́ ọ̀tún ni.