Òṣèré amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ àbí òṣèré elégbè?

Ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, ẹ kú iṣẹ́ lórí ọ̀rọ̀ yìí. Orúkọ tí a ó máa pe "supporting actor" ní Yorùbá là ń wá. Orúkọ méjì ló wà nílẹ̀ báyìí fún un, ìyẹn òṣèré tí kì í ṣe olú ẹ̀dá ìtàn, ṣùgbọ́n tí ipa rẹ̀ tóbi nínú fíìmù: "òṣèré igbákejì" àti "òṣèré amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́". N kò fara mọ́ èyíkéyìí nínú wọn, Hattie McDaniel, òṣèrébìnrin ará Amẹ́ríkà kan láyé àtijọ́, ni mo sì fẹ́ fi ṣàlàyé ìdí rẹ̀.

Ti "igbákejì" kò le. Igbákejì gómìnà, ẹnì kan ṣoṣo ni, òun ló sì ń bọ́ sípò bí ọ̀gá rẹ̀ bá kúrò níbẹ̀. Fíìmù kan lè ní irú òṣèré yìí mẹ́fà, kò sì sí èyí tó ń retí ipò ẹnikẹ́ni nínú wọn.

"Amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́" ló ń kọ mí lóminú. Lọ́dọ̀ ìjọba tí a ti mọ orúkọ náà, ọ̀gá ni ẹni bẹ́ẹ̀ ń sìn, òun ló ń tẹ̀lé e kiri. Iṣẹ́ ìránṣẹ́ ni wọ́n sì ń gbé fún McDaniel lemọ́lemọ́ ní Hollywood, nítorí pé aláwọ̀ dúdú ni. Wichita ní ìpínlẹ̀ Kansas ni wọ́n bí i sí ní 1893. Ẹrú ni bàbá àti ìyá rẹ̀ kí òmìnira tó dé. Olórin ni, ó ti gbé àwo jáde kó tó dé inú fíìmù. Bí a bá wá pè é ní òṣèré amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́, a ti da ipò ẹ̀dá ìtàn pọ̀ mọ́ iṣẹ́ ẹni tó ń ṣe é. Ẹ̀dá ìtàn lè jẹ́ ìránṣẹ́. Òṣèré kì í ṣe ìránṣẹ́ ẹnikẹ́ni.

Ojú ìránṣẹ́ yẹn náà ni wọ́n fi wò ó láyé rẹ̀. Nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ fi Gone with the Wind, fíìmù kan tó ti ṣeré, hàn ní Atlanta, lóṣù Kejìlá 1939, òfin tó ya aláwọ̀ dúdú sọ́tọ̀ sí aláwọ̀ funfun kò jẹ́ kó débẹ̀. Lọ́jọ́ 29 oṣù Kejì 1940 tó di aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba Oscar, ẹ̀bùn ńlá tí wọ́n ń fún àwọn onífíìmù ní Amẹ́ríkà, fún ipa rẹ̀ nínú fíìmù náà, tábìlì ọ̀tọ̀ ni wọ́n fi í sí ní òtẹ́ẹ̀lì Ambassador ní Los Angeles. Pátákó kékeré ni ẹ̀bùn náà. 1944 ni wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fún irú àwọn òṣèré tí à ń wá orúkọ fún yìí ní odindi ère.

Bẹ́ẹ̀, ẹ wo ohun tó ṣe nínú fíìmù náà. Ọmọ Rhett àti Scarlett, tọkọtaya inú ìtàn náà, ti kú. Mammy, ìránṣẹ́ ilé wọn tí McDaniel ṣe, ń bá Melanie gun àtẹ̀gùn, ó ń sunkún, ó ń ròyìn bí bàbá ọmọ kò ṣe jẹ́ kí wọ́n sin òkú. Rhett kò sí lórí àtẹ̀gùn yẹn, Scarlett kò sí níbẹ̀. Ẹnu McDaniel ni ìbànújẹ́ gbogbo ilé náà gbà dé etí wa. Olivia de Havilland, tó ṣe Melanie tó ń bá a gun àtẹ̀gùn, wà lára àwọn tó bá a du ẹ̀bùn náà.

Ìdí nìyí tí mo fi dábàá "elégbè". Ẹni tó ń lé orin àti ẹni tó ń gbè é, orin kan náà ni wọ́n jọ ń kọ. Bí elégbè bá ṣì í, agbo dàrú. Ẹnìkan lè sọ pé èrò púpọ̀ ni elégbè máa ń jẹ́, ṣùgbọ́n ẹnì kan ṣoṣo pàápàá lè gbe orin. Àtakò tó lágbára ni ti àmì ohùn: bí a bá kọ ọ́ láìfi àmì sí i, "elẹ́gbẹ́" ni ọ̀pọ̀ èèyàn yóò kà. Mo gbé "olùgbè" yẹ̀ wò, òun náà á tún di "olùgbé". Àfi ká máa fi àmì sí i.

Ẹ jẹ́ ká sì fi "òṣèré" sílẹ̀ láìfi "bìnrin" kún un, àfi bó bá jẹ́ ẹ̀bùn là ń dárúkọ, torí Oscar ya ti ọkùnrin sọ́tọ̀ sí ti obìnrin. Àpẹẹrẹ kan nìyí: "Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni orúkọ Thelma Ritter wọ ìdíje Oscar fún òṣèrébìnrin elégbè, fún àwọn fíìmù tó ṣe láàárín 1950 sí 1962, kò sì gbà á rí." Ẹni tó bá ní orúkọ tó sàn ju elégbè lọ, kó fi sínú gbólóhùn yìí, ká jọ kà á wò.